Khan al-Ahmar: Ibi mẹ́ta tó ń jẹ́ orúkọ kan ṣoṣo, àti àlùfáà Áńgílíkà tó hú ìtàn ọ̀kan jáde nínú ilẹ̀

Láti oṣù kẹjọ ọdún 2025 tí ìjọba Ísírẹ́lì ti fọwọ́ sí ètò ilé kíkọ́ tí wọ́n ń pè ní E1, orúkọ Khan al-Ahmar ti tún ń jà ràn-ìn lórí ayélujára. Ẹnìkan á gbé àwòrán ilé páànù àti àgọ́ síta pé ibẹ̀ ni wọ́n fẹ́ wó. Ẹlòmíràn á gbé àwòrán ahoro ṣọ́ọ̀ṣì jáde, á ní ilé Ọlọ́run àtijọ́ ni katakata fẹ́ gbá lọ. Ẹni kẹta, tó ti lọ Jerúsálẹ́mù bọ̀, á ní kí àwọn méjèèjì dákẹ́, pé òun ti dé Khan al-Ahmar, mùsíọ́mù aláàánú ará Samáríà ni, kò sì sẹ́ni tó ń wó o. Kò sí èyí tó parọ́ nínú wọn. Ibi tí kálukú ń sọ ló yàtọ̀.

Àlàyé yìí wà fún ẹni tó bá fẹ́ mọ èwo ni èwo: ibi tí ẹjọ́ wà, ibi tí ahoro wà, ohun tí ìkọ̀ọ̀kan nínú àwọn tó ń jà sí ilẹ̀ náà ń sọ, àti bí àlùfáà ìjọ Áńgílíkà kan láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe wọ inú ìtàn náà.

Ibo gan-an ló ń jẹ́ Khan al-Ahmar?

Ọ̀nà tó ti Jerúsálẹ́mù lọ sí Jẹ́ríkò ni kí ẹ kọ́kọ́ fi ojú inú wò. Orí òkè ni Jerúsálẹ́mù wà, ó fi nǹkan bíi mítà 750 ga ju ojú òkun lọ. Jẹ́ríkò wà ní ìsàlẹ̀ kòtò, ó fi nǹkan bíi mítà 250 rẹlẹ̀ sí ojú òkun. Nígbà tí Lúùkù orí kẹwàá bá ní ọkùnrin kan ń sọ̀kalẹ̀ láti Jerúsálẹ́mù lọ sí Jẹ́ríkò, bó ṣe rí gan-an ló sọ ọ́. Aginjù Jùdíà ló wà láàárín ìlú méjèèjì: òkè tí kò ní igi lórí, àfonífojì tó jìn, àti ilẹ̀ tó pọ́n rokoroko láwọn ibì kan. Ilẹ̀ pupa yìí ló bí gbogbo orúkọ àgbègbè náà. Ìwé Jóṣúà ti pe gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ ibẹ̀ ní Ádúmímù, orúkọ yẹn ni àwọn Júù fi sọ ìlú Ma'ale Adumim tí wọ́n dá sílẹ̀ ní ọdún 1975, òun náà sì ni àwọn Lárúbáwá ní lọ́kàn tí wọ́n fi ń pe ilé tí àwọn arìnrìn-àjò ń sùn sí lójú ọ̀nà ní Khan al-Ahmar, ilé ìsùn pupa.

Ilé ìsùn bẹ́ẹ̀ ju ẹyọ kan lọ. Ọ̀kan wà lẹ́bàá títì, nǹkan bí ogún kìlómítà sí Jerúsálẹ́mù. Ìyẹn ni àwọn Kristẹni ti ń tọ́ka sí láti ìgbà pípẹ́ pé ibẹ̀ ni ilé tí aláàánú ará Samáríà gbé ọkùnrin tí olè lù lọ. Ísírẹ́lì ti sọ ọ́ di mùsíọ́mù tí wọ́n kó iṣẹ́ ọnà òkúta wẹ́wẹ́ láti ilẹ̀ ṣọ́ọ̀ṣì àti sínágọ́gù àtijọ́ sí. Èkejì jẹ́ ahoro ilé àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ Kristẹni, tí àwọn Mùsùlùmí wá lò gẹ́gẹ́ bí ilé ìsùn lẹ́yìn tí àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ti kúrò níbẹ̀. Ó wà láàárín àwọn ilé iṣẹ́ ní Mishor Adumim báyìí. Ẹ̀kẹta ni abúlé àwọn Lárúbáwá darandaran, ẹ̀yà Jahalin nínú àwọn Bedouin, tó wà láàárín Ma'ale Adumim àti Kfar Adumim. Orí ilẹ̀ West Bank, apá ìwọ̀ oòrùn Odò Jọ́dánì tí Ísírẹ́lì gbà lójú ogun, ni mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wà, wọn kò sì jìnnà sí ara wọn. Ọ̀pọ̀ JP wa, àwọn tó ti rìnrìn-àjò ìsìn lọ Jerúsálẹ́mù, ló ti bá bọ́ọ̀sì gba ibẹ̀ kọjá nígbà tí wọ́n ń lọ sí Odò Jọ́dánì.

Abúlé ni ìròyìn ń sọ.

Kí ló ṣẹlẹ̀ sí abúlé náà?

Kì í ṣe ibẹ̀ ni àwọn Jahalin ti ṣẹ̀. Ilẹ̀ Négébù ní gúúsù ni wọ́n wà tẹ́lẹ̀, lẹ́bàá Tel Arad, títí tí àwọn ọmọ ogun Ísírẹ́lì fi lé wọn kúrò níbẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950. Wọ́n da ẹran wọn gba apá West Bank, tó wà lọ́wọ́ ìjọba Jọ́dánì nígbà náà. Ní ọdún 1967, ogun bẹ́ sílẹ̀, Ísírẹ́lì gba West Bank, àwọn Jahalin sì tún bá ara wọn lábẹ́ ìjọba tó lé wọn ní ìṣáájú. Nígbà tí Ma'ale Adumim ń gbòòrò sí i ní apá ìparí àwọn ọdún 1990, wọ́n kó àwọn ìdílé kan lára wọn lọ sí ẹ̀bá ààtàn ìdalẹ̀nù ńlá kan nítòsí Abu Dis. Àwọn tó ṣẹ́kù sí Khan al-Ahmar tó nǹkan bí 180 ènìyàn.

Ní ọdún 2009, ẹgbẹ́ aláàánú kan láti Ítálì tó ń jẹ́ Vento di Terra bá wọn kọ́ ilé ẹ̀kọ́. Torí pé wọn ò ní ìwé àṣẹ láti fi bíríkì àti kọnkéré kọ́lé, táyà ọkọ̀ tó ti gbó ni wọ́n tò léra wọn, wọ́n sì fi amọ̀ rẹ́ ẹ. Ilé ẹ̀kọ́ táyà yìí ló sọ abúlé náà di mímọ̀ ní ayé, torí àwọn ọmọ láti àwọn ibùdó Bedouin mìíràn tó yí wọn ká náà ń wá kàwé níbẹ̀. Kò pẹ́ tí wọ́n kọ́ ọ tán tí àṣẹ wíwó fi dé.

Ẹjọ́ náà wọ́ nílẹ̀ fún ọdún púpọ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2018, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Ísírẹ́lì ní ìjọba lè wó abúlé náà. Ní oṣù kẹsàn-án ọdún yẹn kan náà, ó da ẹ̀bẹ̀ ìkẹyìn àwọn ará abúlé nù. Ìjọba fún wọn di ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá kí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn wó ilé wọn. Ọjọ́ pé, wọn ò wó o. Ṣáájú kí oṣù náà tó parí, agbẹjọ́rò àgbà ilé ẹjọ́ ọ̀daràn àgbáyé nígbà náà, Fatou Bensouda, kìlọ̀ pé kíkó ènìyàn kúrò lórí ilẹ̀ pẹ̀lú ipá lórí ilẹ̀ tí wọ́n gbà lójú ogun lè di ìwà ọ̀daràn ogun. Lẹ́yìn ọjọ́ díẹ̀, Benjamin Netanyahu sún wíwó náà síwájú. Àtìgbà yẹn ló ti ń sún un.

Ẹgbẹ́ Regavim, tó ń jà fún kíkọ́ ibùdó àwọn Júù, kò gbà. Léraléra ni wọ́n padà sí ilé ẹjọ́ pé kí ó fi agbára mú ìjọba láti ṣe ohun tó sọ. Ní oṣù karùn-ún ọdún 2023, ilé ẹjọ́ da ẹjọ́ wọn nù. Kò ní kí ìjọba má wó o o. Ohun tó wí ni pé ọwọ́ ìjọba ni àkókò wà, òun kò ní bá wọn dá ọjọ́.

Kí ni E1, kí ló sì kan Khan al-Ahmar nínú rẹ̀?

E1 jẹ́ ilẹ̀ tó fẹ̀ tó nǹkan bíi kìlómítà méjìlá níbùú-lóròó láàárín Jerúsálẹ́mù àti Ma'ale Adumim. Ó ti tó ọgbọ̀n ọdún tí wọ́n ti ń gbèrò láti kọ́lé síbẹ̀, ṣùgbọ́n gbogbo ìgbà tí wọ́n bá gbé e dìde ni Amẹ́ríkà àti àwọn orílẹ̀-èdè Yúróòpù máa ń ki ọwọ́ bọ̀ ọ́. Ní ogúnjọ́ oṣù kẹjọ ọdún 2025, ìgbìmọ̀ tó ń rí sí ètò ilé kíkọ́ fọwọ́ sí ilé tó ju 3,400 lọ. Bezalel Smotrich, mínísítà ètò ìṣúná, ní ètò náà máa sin èrò pé orílẹ̀-èdè Palẹstínì kan máa wà. Ọ̀rọ̀ yìí jẹ́ kí ohun tí àwọn alátakò ti ń sọ láti ọjọ́ pípẹ́ ti ẹnu mínísítà fúnra rẹ̀ jáde: pé bí ilé bá kún E1, ọ̀nà tó so àríwá West Bank mọ́ gúúsù máa há, Ìlà Oòrùn Jerúsálẹ́mù á sì dá wà. Orílẹ̀-èdè tó ju ogún lọ, Bìrìtìkó àti Faransé nínú wọn, bu ẹnu àtẹ́ lu ètò náà.

Ìdàrúdàpọ̀ kan rèé. Ọ̀pọ̀ ló ń kọ ọ́ pé inú E1 ni Khan al-Ahmar wà. Apá ìlà oòrùn ibi tí wọ́n fẹ́ kọ́ ilé náà sí ni abúlé wà. Ọ̀rọ̀ méjèèjì sún mọ́ra torí pé ọ̀nà kan náà ni wọ́n wà lé lórí, àti pé ẹni tó bá fẹ́ so Ma'ale Adumim mọ́ Jerúsálẹ́mù lápá kan, tó sì fẹ́ nà án dé Kfar Adumim lápá kejì, ibùdó àwọn Bedouin ló máa bá lọ́nà. Ṣùgbọ́n ìwé ètò E1 yàtọ̀ sí àṣẹ wíwó abúlé. Fífọwọ́ sí ọ̀kan kò túmọ̀ sí pé èkejì ti bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ mìíràn tí ẹ ó máa bá pàdé ni Area C. Àdéhùn Oslo ti ọdún 1995 pín West Bank sọ́nà mẹ́ta. Area C ló tóbi jù, ó tó ìdá ọgọ́ta nínú ọgọ́rùn-ún, ọwọ́ Ísírẹ́lì ni ààbò àti ìwé àṣẹ ìkọ́lé ibẹ̀ sì wà pátápátá. Inú rẹ̀ ni Khan al-Ahmar wà.

Kí ni ẹnu ìkọ̀ọ̀kan ń sọ?

Ìjọba Ísírẹ́lì ní ọ̀rọ̀ náà kò ju òfin ilé kíkọ́ lọ: wọ́n kọ́lé láìgba àṣẹ sórí ilẹ̀ tí ìjọba ti kọ orúkọ ara rẹ̀ sí, lẹ́bàá títì ńlá tó léwu, wọ́n sì ti fún wọn ní ilẹ̀ mìíràn nítòsí Abu Dis tí iná àti omi máa wà. Ilé ẹjọ́ gba apá tó ṣe pàtàkì jù nínú ìyẹn, pé ilé náà kò bófin mu.

Àwọn ará abúlé àti àwọn agbẹjọ́rò wọn ní ta ló ń fún Bedouin níwèé àṣẹ ní Area C? Wọ́n ní àwọn ti wà níbẹ̀ kí a tó fi òkúta kìíní Ma'ale Adumim lélẹ̀. Wọ́n ní darandaran tí a kó sí ẹ̀bá ààtàn, níbi tí kò sí pápá, iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Àjọ Ìṣọ̀kan Àgbáyé àti ọ̀pọ̀ ìjọba Yúróòpù fi Àdéhùn Geneva kẹrin ti í, èyí tó ka kíkó ará ìlú kúrò lórí ilẹ̀ tí a gbà lójú ogun léèwọ̀. Ísírẹ́lì ní àdéhùn yẹn kò kan West Bank bí wọ́n ṣe ń tú u, torí ilẹ̀ tí a ṣì ń jà lé lórí ni. Ilé ẹjọ́ àgbáyé ní Hague sọ èrò tirẹ̀ ní oṣù keje ọdún 2024 pé wíwà tí Ísírẹ́lì wà lórí ilẹ̀ náà kò bófin mu. Ísírẹ́lì kò gbà á.

Ẹ má rò pé gbogbo Júù tó ń gbé àgbègbè náà ló wà lẹ́yìn wíwó. Àwọn kan láti Kfar Adumim fúnra wọn wá sílé ẹjọ́ ní ọdún 2018 láti gbè sẹ́yìn àwọn aládùúgbò wọn.

Báwo ni àlùfáà Áńgílíkà ṣe wọ inú ọ̀rọ̀ yìí?

Derwas James Chitty ni orúkọ rẹ̀. Wọ́n bí i ní ọdún 1901, ó kàwé ní Oxford, lẹ́yìn náà ó gba Jerúsálẹ́mù lọ. Bìrìtìkó ló ń ṣàkóso Palẹstínì nígbà náà. Wọ́n sì ti dá ilé ẹ̀kọ́ àwọn awalẹ̀pìtàn sílẹ̀ sí ìlú náà. Ọ̀pọ̀ àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń wá ìlú Dáfídì àti ògiri Jẹ́ríkò. Èyí tí Chitty ń wá ni ibi tí àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ gbé ní ọ̀rúndún kárùn-ún lẹ́yìn ìbí Olúwa wa.

Ìwé kan ló ń tọ́ ọ sọ́nà. Ajẹ́jẹ̀ẹ́ kan tó ń jẹ́ Cyril, ọmọ ìlú Scythopolis, ló kọ ọ́ ní èdè Gíríìkì ní àárín ọ̀rúndún kẹfà. Ìtàn ìgbésí ayé àwọn baba aginjù ni, ṣùgbọ́n Cyril kì í kọ̀wé bí àwọn tó kàn ń yin ẹni mímọ́. Ó ń sọ ọdún, ó ń sọ orúkọ, ó ń sọ bí ibì kan ṣe jìnnà sí ibòmíràn. Ó ti gbé fún nǹkan bí ọdún mẹ́wàá ní ilé Euthymius, baba aginjù tó dá ibùdó Khan al-Ahmar sílẹ̀, ó sì mọ ibi tí kànga wà. Pẹ̀lú irú ìwé bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́, ènìyàn lè rìn nínú àfonífojì kó máa wò ó bóyá òkúta bá ọ̀rọ̀ mu.

Láti ọdún 1927 sí 1930 ni Chitty àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi walẹ̀ ní Khan al-Ahmar. A. H. M. Jones, tó wá di àgbà òpìtàn nípa ìjọba Róòmù níkẹyìn, wà lára àwọn tó bá a ṣiṣẹ́. Orúkọ àwọn méjèèjì ló wà lórí ìròyìn tí wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 1928 nípa ṣọ́ọ̀ṣì náà. Lábẹ́ rẹ̀ ni wọ́n ti rí yàrá ìsìnkú tí wọ́n fi òkúta kọ́ orí rẹ̀ ní àtẹ̀kọrọdọ. Cyril ti kọ ọ́ pé nígbà tí Euthymius kú ní ogúnjọ́ oṣù kìíní ọdún 473, díákónì kan tó ń jẹ́ Fidus sọ ihò àpáta tí bàbá náà ti ń gbé di ibojì, tó fi ibi tí wọ́n máa tẹ́ ẹ sí sí àárín, tó sì ṣètò àyè sí ọ̀tún àti òsì fún àwọn olórí ilé tó ń bọ̀ lẹ́yìn. Pátríákì Jerúsálẹ́mù ló fi òkúta ibojì ránṣẹ́. Ohun tí Chitty bá nísàlẹ̀ náà bá ìwé Cyril mu débi pé kò ṣiyèméjì mọ́.

Ó padà sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Láti ọdún 1931 títí di 1968, òun ni àlùfáà ìjọ ní Upton, abúlé kan ní Berkshire. Ní ọdún 1943, ó fẹ́ Mary Kitson Clark, awalẹ̀pìtàn bíi tirẹ̀. Láàárín ìsìn òwúrọ̀ àti ìsìn alẹ́, láàárín ìrìbọmi àti ìsìnkú àwọn àgbẹ̀, ó ń kọ ìtàn àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ Íjíbítì àti Palẹstínì. Ó tó 1966 kí ìwé náà tó jáde, The Desert a City, láti inú àwọn ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tó ṣe ní Cambridge ní ọdún 1959 sí 1960. Athanasius, bíṣọ́ọ̀bù ìgbàanì kan ní Íjíbítì, ló ya àkọlé náà fún un, torí ó ti kọ ọ́ nínú ìtàn Antony, ajẹ́jẹ̀ẹ́ Íjíbítì, pé àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ sọ aginjù di ìlú. Chitty kú ní ọdún 1971. Ìwé yẹn kò nípọn, ṣùgbọ́n ẹni tó bá fẹ́ kọ nípa aginjù ìgbàanì títí dòní kì í fo ó.

Kí ni àwọn baba aginjù ń ṣe níbẹ̀?

Euthymius kì í ṣe ọmọ Palẹstínì. Melitene ní ilẹ̀ Àméníà ni wọ́n bí i sí ní ọdún 377. Ó dé Jerúsálẹ́mù nígbà tó ku díẹ̀ kó pé ọmọ ọgbọ̀n ọdún, ó sì wọ aginjù lọ pẹ̀lú ọ̀rẹ́ rẹ̀ Theoctistus. Nígbà tó yá, ó dá ibùdó tirẹ̀ sílẹ̀ ní ibi tó wá di Khan al-Ahmar. Bíṣọ́ọ̀bù Jerúsálẹ́mù ya ṣọ́ọ̀ṣì ibẹ̀ sí mímọ́ ní apá ìparí àwọn ọdún 420.

Irú ibùdó bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń pè ní laura. Ẹ má fi wé ilé àwọn sístà Kátólíìkì tí ẹ mọ̀, níbi tí gbogbo wọn ń jí, ń jẹ, ń gbàdúrà pọ̀. Ní laura, kálukú ní ihò tàbí yàrá tirẹ̀, ó jìnnà sí ti ẹnìkejì. Ọjọ́ márùn-ún ló fi ń dá wà, tó ń gbàdúrà, tó ń fi imọ̀ ọ̀pẹ hun agbọ̀n àti okùn. Ní ọjọ́ Sátidé, á gbé iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ wá sí ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n á jọ jọ́sìn, wọ́n á jọ jẹun gbígbóná, á sì gba búrẹ́dì, omi àti imọ̀ ọ̀pẹ fún ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ kó tó padà. Nígbà tí Euthymius fúnra rẹ̀ bá ń múra sílẹ̀ fún Ọdún Àjíǹde, laura gan-an kì í tó o. Láti àárín oṣù kìíní ló ti máa wọ aginjù inú lọ, a ò ní rí i títí di Ọjọ́ Ìsinmi Ọ̀pẹ.

Síbẹ̀, ẹ̀bá ọ̀nà ni ibùdó náà wà, ayé kò sì jẹ́ kó dákẹ́. Cyril sọ nípa ọjọ́ kan tí 400 arìnrìn-àjò ìsìn láti Àméníà, tí wọ́n ń ti Jerúsálẹ́mù lọ sí Jọ́dánì, ṣìnà tí wọ́n sì ya bo ibẹ̀. Euthymius ní kí wọ́n wá oúnjẹ fún wọn. Domitian tó ń tọ́jú oúnjẹ ní ohun tó wà nílé kò tó ènìyàn mẹ́wàá. Bàbá ní kó sáà lọ wò ó. Nígbà tó dé ibẹ̀, búrẹ́dì ti kún yàrá débi pé ilẹ̀kùn kò ṣí. Wọ́n ní láti yọ ọ́ kúrò lára ògiri. Ẹni tó bá fẹ́ kó gba iṣẹ́ ìyanu náà gbọ́, ẹni tó bá fẹ́ kó má gbà á. Ohun tí òpìtàn rí mú níbẹ̀ ni pé èrò ń pọ̀ lójú ọ̀nà yẹn ní ọ̀rúndún kárùn-ún.

Ilé náà bí àwọn ilé mìíràn. Sabas, tó dá Mar Saba sílẹ̀ ní ọdún 483 nínú àfonífojì Kídírónì, ọmọ ẹ̀yìn Euthymius ni. Àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ṣì wà ní Mar Saba dòní. Martyrius, tó sá kúrò ní Íjíbítì ní ọdún 457 nígbà tí ìjà ẹ̀kọ́ ìsìn le, tọ Euthymius wá kó tó dá ilé tirẹ̀ sílẹ̀, ó sì di pátríákì Jerúsálẹ́mù. Ìjà tó lé e wá ni ti ìpàdé àwọn bíṣọ́ọ̀bù ní Chalcedon, ọdún 451, lórí bí Kristi ṣe jẹ́ Ọlọ́run àti ènìyàn. Ìpín yẹn kò tíì san láàárín ìjọ Kọ́ptíìkì, ti Àméníà àti ti Etiópíà lápá kan, àti ìjọ Gíríìkì àti ti Róòmù lápá kejì. Púpọ̀ nínú àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ Palẹstínì kọ Chalcedon sílẹ̀ ní ìbẹ̀rẹ̀. Euthymius gbà á. Ìyá ààfin Eudocia, opó ọba Theodosius, wà lára àwọn tí ó yí lọ́kàn padà.

Ṣé àwọn Bedouin òde òní ni àrọ́mọdọ́mọ àwọn tí Euthymius rì bọmi?

Ìbéèrè yìí wá torí pé ìtàn Cyril dà bí ẹni pé ó mọ ohun tó ń bọ̀. Olóyè Lárúbáwá kan tó ń jẹ́ Aspebetus wà lábẹ́ ọba Páṣíà. Wọ́n ní kó máa dí ọ̀nà mọ́ àwọn Kristẹni tó ń sá lọ. Àánú ṣe é, ó jẹ́ kí wọ́n kọjá. Nígbà tí wọ́n fẹ́ mú un, ó kó ẹbí àti ẹran rẹ̀ sọdá sọ́dọ̀ àwọn ará Róòmù. Ọmọ rẹ̀, Terebon, ní ẹ̀gbà lápá kan ara. Wọ́n gbé e lọ bá Euthymius, ara rẹ̀ dá, gbogbo ìdílé sì rì bọmi. Aspebetus di Peter. Ó wá pẹ̀lú àwọn oníṣẹ́ ọwọ́, ó gbẹ́ kànga ńlá olójú méjì sí ọgbà, ó kọ́ ibi tí wọ́n á ti máa yan búrẹ́dì sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó sì kọ́ yàrá mẹ́ta àti ṣọ́ọ̀ṣì láàárín wọn. Euthymius náà sàmì sí ilẹ̀ fún un, ó ní kí wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì síbẹ̀ kí wọ́n pa àgọ́ wọn yí i ká. Ibẹ̀ ni wọ́n ń pè ní Parembole, Ibùdó. Peter di bíṣọ́ọ̀bù àwọn alágọ̀ọ́, ó sì wà ní ìpàdé àwọn bíṣọ́ọ̀bù ní Ephesus ní ọdún 431.

Àwọn olùfẹ́ abúlé Khan al-Ahmar lè fẹ́ fi ìtàn yìí gbe ẹjọ́. Kò lè gbé e. Ẹ̀yà Peter tú ká nígbà tí àwọn mìíràn kó wọn lógun, àwọn Jahalin sì ti Négébù wá ní àádọ́rin ọdún ó lé sẹ́yìn. Ohun tó dọ́gba ni ọ̀nà ìgbé ayé: àgọ́, ẹran, àti kànga tí a kò lè fi sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ìtàn náà dá àwọn tó ń sọ pé aginjù òfìfo ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀ lóhùn pẹ̀lú.

Ṣé gbogbo onímọ̀ ló gba ohun tí Chitty wí?

Pé Khan al-Ahmar ni ibi tí Euthymius gbé, ìyẹn kò ní àríyànjiyàn. Àwọn awalẹ̀pìtàn mìíràn padà síbẹ̀ ní àwọn ọdún 1970, Yizhar Hirschfeld sì tún walẹ̀ níbẹ̀ ní ọdún 1987. Iṣẹ́ wọn mú kó ṣe kedere pé púpọ̀ nínú ògiri tí ojú ń rí lónìí kì í ṣe ti ayé Euthymius: ìmìtìtì ilẹ̀ ọdún 659 ba ilé àtijọ́ jẹ́, wọ́n tún un kọ́, wọ́n sì tún ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀ nígbà tí àwọn ajagun Yúróòpù gba Jerúsálẹ́mù. Yàrá ìsìnkú ló pẹ́ jù.

Orí Cyril ni àríyànjiyàn wà. Ó kọ̀wé ní nǹkan bí ọgọ́rin ọdún lẹ́yìn ikú Euthymius, apá Chalcedon ló sì wà. Chitty fọkàn tán an gan-an. Àwọn òpìtàn ìran tó tẹ̀ lé e ń kà á pẹ̀lú ìṣọ́ra. Ní ti Íjíbítì, ìwé papírọ́sì tí wọ́n ń rí sí i fi hàn pé ọ̀pọ̀ ajẹ́jẹ̀ẹ́ ń gbé lẹ́bàá abúlé, wọ́n ń san owó orí, wọ́n ń ra ilẹ̀. Aginjù inú ìwé jìn ju aginjù tí wọ́n ń gbé lọ.

Ṣé ewu wà fún ahoro náà?

Kò sí àṣẹ wíwó kankan lórí ahoro Euthymius. Ẹ̀ka awalẹ̀pìtàn tó wà lábẹ́ ìjọba ológun Ísírẹ́lì ní West Bank ló ń ṣàkóso rẹ̀. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí i ni pé ilé iṣẹ́ ti yí i ká. Ti ilé Martyrius le ju bẹ́ẹ̀ lọ: wọ́n gbẹ́ ẹ jáde ní àwọn ọdún 1980 nígbà tí wọ́n ń kọ́ Ma'ale Adumim, ó sì wà láàárín ilé onípele báyìí. Àwọn kan rí èyí gẹ́gẹ́ bí ìtọ́jú, torí ẹnikẹ́ni lè lọ wò ó. Àwọn mìíràn, tí àwọn awalẹ̀pìtàn Palẹstínì wà nínú wọn, ní òfin àgbáyé kò fún ẹni tó gba ilẹ̀ lójú ogun láyè láti máa walẹ̀ níbẹ̀ bó ṣe wù ú. Wọ́n ní bí a bá sọ ahoro di ibi ìgbafẹ́ lábẹ́ orúkọ ibùdó àwọn Júù, ilẹ̀ ni a fi ń gbà.

Ní ti àwòrán tó ń kiri, ọ̀nà wà láti dá wọn mọ̀. Bí ẹ bá rí páànù, ewúrẹ́ àti ògiri táyà, abúlé ni, ẹjọ́ sì wà lórí rẹ̀. Bí ẹ bá rí òkúta ògiri àtijọ́ tí ilé iṣẹ́ dúró lẹ́yìn rẹ̀, ilé Euthymius tí Chitty gbẹ́ ni. Bí ẹ bá rí iṣẹ́ ọnà òkúta wẹ́wẹ́ tí wọ́n tò sára ògiri, tí wọ́n sì ń já tíkẹ́ẹ̀tì lẹ́nu ọ̀nà, ti aláàánú ará Samáríà ni.